Ọmọ Onílẹ̀ Fàgbà Han Ọmọ Ológun!

Nígbà tí òyìnbó gbalẹ̀ lọ́wọ́ àwọn onílẹ̀ Amẹ́ríkà, wọ́n tún dojú kọ ọmọ wọn. Ní 1879, wọ́n dá ilé ìwé Carlisle sílẹ̀ ní Pennsylvania. Wọ́n gé irun àwọn ọmọ náà, wọ́n ní wọn ò gbọdọ̀ sọ èdè ìyá wọn mọ́.

Àmọ́ ẹ̀yin èèyàn, àwọn ọmọ yìí mọ bọ́ọ̀lù Amẹ́ríkà, èyí tí wọ́n ń gbé mọ́yà sáré! Lọ́dún 1912, wọ́n gbá ìfẹsẹ̀wọnsẹ̀ mẹ́rìnlá: wọ́n jẹ méjìlá, wọ́n ta ọ̀mì kan, wọ́n pàdánù kan péré.

Èyí tó dùn jù ni ti November 9, ní West Point, níbi tí wọ́n ti ń kọ́ ọ̀gá sójà. Sójà kúkú ló bá bàbá wọn jà! Jim Thorpe, tó gba góòlù méjì ní Òlíńpíìkì ọdún náà, kò ṣeé dì mú. Ni Carlisle bá nà wọ́n, 27 sí 6! Dwight Eisenhower wà lára àwọn tó jẹyà.

Ní 1913, wọ́n gba góòlù Thorpe, wọ́n ló ti gbowó gbá béèsìbọ́ọ̀lù rí. Ọdún 1953 tí Eisenhower di ààrẹ Amẹ́ríkà ni Thorpe kú. 1982 ni wọ́n tó gbà láti dá góòlù padà. Olóhun ti lọ.