Panápaná ní Oríta Ore: Ọ̀rọ̀ Náà, Òfin Rẹ̀ àti Omi Rẹ̀

Ọ̀rọ̀ náà panápaná kò ṣòro láti tú palẹ̀. Pa àti iná di paná. A pe paná lẹ́ẹ̀mejì, ó di orúkọ. Ọ̀nà kan náà ni jagunjagun gbà wáyé, àti wolé-wolé tí àwọn baba wa fi ń pe òṣìṣẹ́ ìmọ́tótó ìjọba amúnisìn. Jagunjagun ti wà kí òyìnbó tó dé, nítorí náà a kò lè sọ pé irú ìṣẹ̀dá bẹ́ẹ̀ jẹ́ ti àjèjì. Ohun tí ó jẹ́ tuntun ni pé kí iná pípa di iṣẹ́ oṣù fún àwọn kan, kí àwọn yòókù sì máa dúró dè wọ́n. Ìdúró yìí ni àpilẹ̀kọ yìí dá lé lórí, pàápàá ní Ore, olú ìlú Ìjọba Ìbílẹ̀ Odigbo ní Ìpínlẹ̀ Oǹdó.

Ní ayé àtijọ́, ẹni tí ó bá gbọ́ igbe iná ti di panápaná. Ní ilẹ̀ igbó, ewé gbòdògì ni wọ́n fi ń bo ilé. Ní ilẹ̀ ọ̀dàn, koríko bẹẹrẹ ni. Méjèèjì kì í pẹ́ gbiná nígbà ọyẹ́. Omi inú ìkòkò kì í tó, nítorí náà ọgbọ́n tí ó gbéṣẹ́ ni kí wọ́n gun ilé tí iná kò tíì dé, kí wọ́n ya òrùlé rẹ̀ dànù, kí iná má rí ohun jẹ. Onílé náà lè máa sunkún, ṣùgbọ́n ilé rẹ̀ ni ó dá àdúgbò sí. Iná àrá nìkan ni ó yàtọ̀. Àwọn Mọgbà Ṣàngó ni wọ́n ní àṣẹ lórí ilé tí àrá bá sán lù, Samuel Johnson sì kọ nípa wọn nínú ìwé ìtàn rẹ̀ tí a tẹ̀ jáde ní 1921. Bí a bá ń wá ẹgbẹ́ tí ó kọ́kọ́ ní àṣẹ lórí ilé tí ń jó nílẹ̀ Yorùbá, àwọn ni mo rò pé ó yẹ ká kọ́kọ́ wò.

Ti ìjọba bẹ̀rẹ̀ ní Èkó. Ní 1901 ni a dá ẹ̀ka panápaná sílẹ̀ lábẹ́ ọlọ́pàá Èkó. Òfin ọdún 1963 ni ó fi ẹsẹ̀ iléeṣẹ́ ti ìjọba àpapọ̀ múlẹ̀. Ìpínlẹ̀ Èkó dá tirẹ̀ sílẹ̀ ní 1972. Ìpínlẹ̀ Oǹdó, tí a dá sílẹ̀ ní ọjọ́ 3 oṣù Kejì ọdún 1976, ní tirẹ̀ pẹ̀lú. Nínú gbogbo ìgbésẹ̀ wọ̀nyí, olú ìlú ni iná pípa ti ń gbéra lọ sí ìgbèríko. Ní Jámánì àti Amẹ́ríkà, ọ̀pọ̀ abúlé ní ẹgbẹ́ panápaná tiwọn, tí àgbẹ̀ àti oníṣọ̀nà ń ṣe láìgba owó oṣù. Èyí jọ àṣà àtijọ́ wa ju ohun tí a ń ṣe lónìí lọ.

Iná Ore kò mọ sí ti òrùlé. Oríta ni ìlú náà: ọ̀nà Oǹdó sí Òkìtìpupa pàdé ọ̀nà Èkó sí Bẹ́nì níbẹ̀. Oríta yìí ni ó fa ogun abẹ́lé débẹ̀ ní oṣù Kẹjọ ọdún 1967, tí a fi ń sọ títí dòní pé, "Ó le kú, ìjà Ore." Ọ̀nà márosẹ̀ tí a là ní àwọn ọdún 1970 wá sọ ọ́ di ibùsọ̀. Bọ́ọ̀sì ń dúró jẹun níbẹ̀, ọkọ̀ agbépo láti Èkó ń kọjá lẹ́gbẹ̀ẹ́ wọn. Ọ̀kan ṣoṣo nínú irú ọkọ̀ bẹ́ẹ̀ sábà máa ń gbé lítà 33,000.

Ta ni iná Ore wà lọ́rùn rẹ̀? Àfikún Kẹrin Òfin Orílẹ̀-èdè ti 1999 to iṣẹ́ ìjọba ìbílẹ̀ lẹ́sẹẹsẹ: ọjà, ibùdókọ̀, ilé ìpẹran, itẹ́ òkú, àní ìwé àṣẹ kẹ̀kẹ́ àti ọmọlanke. Iná tí ń tàn lójú pópó wà níbẹ̀. Iná pípa kò sí. Òfin náà kò kà á léèwọ̀, ṣùgbọ́n ohun tí a kò kọ sílẹ̀ kì í tètè rí owó nínú ìṣúná. Ìjọba tí ọjà àti ibùdókọ̀ wà lọ́wọ́ rẹ̀ kọ́ ni a ní kí ó ra ọkọ̀ panápaná. Àwọn àgbà ní ilé ọba tó jó, ẹwà ló bù sí i. Ìyá aláṣọ tí ìsọ̀ rẹ̀ jó kò ní ìlú tí yóò tún un kọ́ fún un.

Ọkọ̀ nìkan kò sì tó. Ká ní ó gbé lítà 5,000, tí ẹ̀rọ rẹ̀ ń tu lítà 1,000 síta ní ìṣẹ́jú kan, omi náà tán ní ìṣẹ́jú márùn-ún. Níbi tí kò bá sí ẹ̀rọ omi lójú pópó, odò tàbí kànga ni ọkọ̀ yóò padà lọ. Fún bẹntiróòlù, omi fúnra rẹ̀ lè di ọ̀tá: epo náà fúyẹ́ jù ú lọ, ó ń léfòó lórí rẹ̀, omi á sì gbé iná wọ gọ́tà àti abẹ́ ìsọ̀. Fóòmù ni ó ń bo epo mọ́lẹ̀ kí afẹ́fẹ́ má baà kàn án, fóòmù kì í sì í ṣe ohun tí a ń pọn lódò. Ṣùgbọ́n kí ó tó dé, àwọn ará àdúgbò lè dá ọkọ̀ dúró, kí wọ́n pa iná ààrò àwọn olóúnjẹ, kí wọ́n sì lé àwọn tí ó gbé kẹ́ẹ̀gì wá bu epo. Nọ́ńbà tí wọn yóò pè ni 112.