Norman McLaren, Olùdarí Fíìmù Àwòrán ní Ilẹ̀ Àjèjì: Ohun tí Ìgbésí-Ayé Rẹ̀ Lè Kọ́ Ilẹ̀ Ìkálẹ̀

1. Ìfáárà

Bí ọ̀rọ̀ bá kan fíìmù àwòrán, ìyẹn fíìmù tí a fi àwòrán yíyà ṣe, tí àwọn ọmọdé ń pè ní kàtúùnù, ohun tí ọ̀pọ̀ ènìyàn máa ń sọ ni pé kò sí ẹ̀rọ. Wọn a ní àlọ́ wà nílẹ̀ lọ́pọ̀ yanturu ní Òkìtìpupa, ní Ìkọ̀yà àti ní Òde-Ìrèlè, ṣùgbọ́n òkè òkun ni ẹ̀rọ tí a ó fi sọ wọ́n di fíìmù wà. Èrò tí a fẹ́ gbé kalẹ̀ nínú pépà yìí yàtọ̀ sí èyí. Ìgbésí-ayé Norman McLaren, ọmọ ilẹ̀ Scotland tí ó di ògbóǹtarìgì olùdarí fíìmù àwòrán ní ilẹ̀ Kánádà, fi hàn pé ẹ̀rọ kọ́ ni ohun tí ó ṣọ̀wọ́n jù lọ nínú iṣẹ́ yìí. Ohun tí ó ṣọ̀wọ́n ni ilé-iṣẹ́ tí yóò gba oníṣẹ́ mọ́ra, tí yóò sì fún un ní àkókò.

2. Ìrìn-àjò McLaren

Ìlú Stirling ni a bí McLaren sí ní ọjọ́ 11 oṣù Igbe, ọdún 1914. Ní 1932 ó wọ ilé-ẹ̀kọ́ iṣẹ́ ọnà ní ìlú Glasgow, ibẹ̀ ni ó sì ti bẹ̀rẹ̀ sí í ṣe fíìmù. John Grierson, tí òun náà jẹ́ ọmọ Scotland, rí iṣẹ́ rẹ̀, ó sì mú un wọ ẹ̀ka fíìmù ti ilé-iṣẹ́ ìfìwéránṣẹ́ ìjọba ní Lọ́ńdọ̀nù ní 1936. Ní ọdún kan náà ni ó lọ sí Madrid láti ya àwòrán ogun abẹ́lé tí ń jà ní ilẹ̀ Spéènì. Ohun tí ojú rẹ̀ rí níbẹ̀ mú kí ó kórìíra ogun títí ayé rẹ̀. Nígbà tí ogun àgbáyé kejì ń rọ̀ dẹ̀dẹ̀ ní 1939, ó ṣí kúrò ní ilé, ó lọ sí New York.

Àtọ̀húnrìnwá tí kò lówó lọ́wọ́ ni ní New York. Ṣùgbọ́n ní 1941 Grierson, tí ó ti di olórí àjọ fíìmù ìjọba Kánádà tí a dá sílẹ̀ ní 1939, ránṣẹ́ pè é sí Ottawa. Iṣẹ́ tí wọ́n kọ́kọ́ fún un kò tóbi: fíìmù kékeré tí ń rọ ará ìlú láti tètè fi lẹ́tà ránṣẹ́, àti èyí tí ń rọ̀ wọ́n láti fi owó pamọ́ nítorí ogun. Kò pẹ́ tí wọ́n fi ní kí ó kó àwọn ọ̀dọ́ jọ, kí ó sì dá ẹ̀ka fíìmù àwòrán sílẹ̀. Lára àwọn tí ó bá a ṣiṣẹ́ ni Evelyn Lambart, René Jodoin àti George Dunning. Ọ̀dọ̀ àjọ yìí ni ó ti lo ìyókù ayé iṣẹ́ rẹ̀. Montreal ni ó kú sí ní ọjọ́ 27 oṣù Ṣẹ́rẹ́, ọdún 1987.

3. Ọ̀nà tí ó ń gbà ṣiṣẹ́

Ojú àwòrán 24 ni ó ń kọjá níwájú iná láàárín ìṣẹ́jú-àáyá kan nínú fíìmù. Èyí já sí 1,440 fún ìṣẹ́jú kan. Àṣà àwọn ilé-iṣẹ́ ńlá ni pé kí ọ̀pọ̀ ayàwòrán yà wọ́n sórí ìwé tàbí ohun mìíràn, kí a sì fi kámẹ́rà yà wọ́n lọ́kọ̀ọ̀kan. Nígbà tí McLaren jẹ́ akẹ́kọ̀ọ́, kò ní kámẹ́rà. Ó wá fọ fíìmù àtijọ́ kan mọ́, ó sì ya àwòrán sórí fíìmù náà gan-an. Bí ó ti ń ṣe é nìyí nínú *Dots* ní 1940, níbi tí ó tún ti fi ọwọ́ ya àmì sí ẹ̀gbẹ́ fíìmù kí ẹ̀rọ lè sọ ọ́ di ohùn orin. Nínú *Blinkity Blank* ti 1955, ohun mímú ni ó fi họ àwòrán sára fíìmù dúdú. Ẹ̀yẹ fíìmù kúkurú tí ó ga jù lọ ní Cannes ni fíìmù yẹn gbà.

*Neighbours* ti 1952 ni ó gbajúmọ̀ jù. Àwọn aládùúgbò méjì jà nítorí òdòdó kan tí ó hù sí ààlà ilẹ̀ wọn, títí tí wọ́n fi pa ara wọn. Ènìyàn gidi ni McLaren lò, ṣùgbọ́n díẹ̀díẹ̀ ni ó ń yà wọ́n, tí wọ́n fi ń rìn bí ọmọláńgidi. Fíìmù náà gba ẹ̀bùn Oscar ní 1953. Kò sí ẹni tí ó sọ̀rọ̀ nínú rẹ̀, síbẹ̀ ẹnikẹ́ni tí ó bá mọ bí ẹjọ́ ààlà oko ti ń rí kò nílò ògbufọ̀.

Kí ó tó ṣe fíìmù yìí, àjọ UNESCO ti rán an lọ sí ilẹ̀ Ṣáínà ní 1949 láti kọ́ àwọn ayàwòrán bí a ṣe ń fi àwòrán kọ́ ará abúlé nípa ìlera. Ó lọ sí ilẹ̀ Íńdíà fún irú iṣẹ́ bẹ́ẹ̀ lẹ́yìn náà. Ọ̀nà tí àìní kọ́ ọ ni ó wúlò ní abúlé.

4. Ẹni tí ó tọ̀ ọ́ lọ tí ó sì padà wálé

Moustapha Alassane, ọmọ orílẹ̀-èdè Niger tí a bí ní 1942, ni ẹ̀rí tí ó súnmọ́ wa jù. Iṣẹ́ mẹ́káníìkì ni ó kọ́kọ́ kọ́. Jean Rouch, onífíìmù ọmọ Faransé, ràn án lọ́wọ́ ní Niamey, ó sì dé Kánádà, níbi tí ó ti kọ́ iṣẹ́ lọ́dọ̀ McLaren. Alassane kò dúró níbẹ̀. *La mort de Gandji* tí ó ṣe ní 1965 wà lára àwọn fíìmù àwòrán àkọ́kọ́ tí ọmọ ilẹ̀ adúláwọ̀ ṣe níhà gúúsù Sàhárà. Nínú *Bon voyage Sim* ti 1966, ààrẹ ìlú àwọn ọ̀pọ̀lọ́ rin ìrìn-àjò. Kí ó tó dé, wọ́n ti gbàjọba lọ́wọ́ rẹ̀. Ní oṣù Èrèlé ọdún yẹn gan-an ni àwọn ológun gbàjọba lọ́wọ́ Kwame Nkrumah nígbà tí kò sí nílé. Alassane ṣe olórí ẹ̀ka fíìmù ní Yunifásítì Niamey fún ọ̀pọ̀ ọdún. Ó kú ní 2015.

Ọ̀kan ṣí lọ kò padà, èkejì lọ ó sì padà. Ohun tí ó pa wọ́n pọ̀ ni pé ilé-iṣẹ́ kan wà lẹ́yìn ẹnì kọ̀ọ̀kan wọn.

5. Ohun tí ó kan ilẹ̀ Ìkálẹ̀

Kò yẹ kí á kàn gbé ọ̀nà McLaren wọ̀ bí ẹ̀wù àwìn. Púpọ̀ nínú fíìmù rẹ̀ kò ní ọ̀rọ̀, èyí sì bá orílẹ̀-èdè tí ó ń sọ èdè Gẹ̀ẹ́sì àti Faransé mu. Ṣùgbọ́n ọ̀rọ̀ gan-an ni ẹ̀mí àlọ́ àpagbè: apàlọ́ ń lé orin, àwọn ọmọ ń gbè é. Ẹ̀ka-èdè Ìkálẹ̀, tí ó wà lára ẹ̀ka-èdè ìhà gúúsù-ìlà-oòrùn Yorùbá, ní ìró àti ọ̀rọ̀ tí Yorùbá àjùmọ̀lò kò ní. Bí a bá ya ìjàpá tí a kò gba ohùn apàlọ́ sílẹ̀, ìdajì àlọ́ ni a ní. Nítorí náà, ohùn àwọn àgbà ni ó yẹ kí á kọ́kọ́ gbà, nítorí a lè ya àwòrán lọ́jọ́ iwájú, ṣùgbọ́n ohùn ẹni tí ó ti kú kò ṣeé tún gbà.

Ẹ̀rọ tí owó rẹ̀ ga nígbà ayé McLaren ti di ohun tí ó wà nínú kọ̀ǹpútà àti tẹlifóònù alágbèéká. Bí àlọ́ Ìkálẹ̀ kò bá sì di fíìmù, a kò lè di ẹ̀bi ru ẹ̀rọ mọ́. Ní Òkìtìpupa ni yunifásítì ìmọ̀ sáyẹ́ǹsì àti ìmọ̀ ẹ̀rọ ti Ìpínlẹ̀ Oǹdó wà, èyí tí a dá sílẹ̀ ní 2008, tí a sì fi orúkọ Olúṣẹ́gun Àgàgú, ọmọ Ìjù-Odò, pè lẹ́yìn náà. Irú ilé bẹ́ẹ̀ lè gba ayàwòrán kan àti apàlọ́ kan sójú kan náà fún ọdún díẹ̀.

6. Ìgúnlẹ̀

McLaren ti mọ bí a ṣe ń yàwòrán sórí fíìmù kí ó tó kúrò nílé. Ohun tí ó rí ní Kánádà ni ẹni tí ó gbà á, tí ó ní kí ó máa ṣe é lọ. Bí àwọn ọ̀dọ́ ayàwòrán ilẹ̀ Ìkálẹ̀ kò bá rí irú ẹni bẹ́ẹ̀ nílé, wọn yóò wá a lọ síbòmíràn, àlọ́ tí wọ́n mọ̀ yóò sì bá wọn lọ.