Ṣé O Mọ̀? Òkè Rockies àti Àwa Ará Mahogany

Bí ojú ọjọ́ bá mọ́ kedere ní Calgary, wo ìwọ̀ oòrùn: àwọn òkè Rockies tí yìnyín bo orí wọn nìyẹn. Ọ̀pọ̀ nínú wa tó ń gbé àdúgbò Mahogany ń wò wọ́n lójoojúmọ́ láìmọ̀ pé wọ́n ti wọ inú ilé wa tipẹ́. Díẹ̀ nínú ohun tó yẹ kí a mọ̀ nípa wọn rèé.

Ṣé o mọ̀ pé ibi gíga ni ìwọ gan-an ń gbé? Ilẹ̀ Calgary fi mítà tó lé ní 1,000 ga ju ojú òkun lọ. Orí Òkè Olúmọ ní Abẹ́òkúta kò ju mítà 137 lọ. Bí o bá dúró lẹ́nu ọ̀nà ilé rẹ ní Mahogany, ibi tí o wà ga tó Olúmọ lọ́nà méje.

Ṣé o mọ ibi tí omi ẹ̀rọ rẹ ti ń wá? Kì í ṣe adágún Mahogany, tí ènìyàn gbẹ́, tó sì ju éékà 60 lọ, ni. Odò Bow àti odò Elbow ni Calgary ń mu, inú òkè Rockies sì ni àwọn méjèèjì ti ṣẹ̀. Òkìtì yìnyín Bow Glacier ni Bow ti ń wá. Ó gba ìlú Banff àti Canmore kọjá kó tó dé ọ̀dọ̀ wa.

Ṣé o mọ̀ pé omi òkè yìí kan náà ló lé èèyàn tó ju 75,000 kúrò nílé ní Calgary ní oṣù kẹfà ọdún 2013? Òjò ńlá rọ̀ sórí òkè nígbà tí yìnyín ṣì wà níbẹ̀, gbogbo rẹ̀ sì ya wá sísàlẹ̀.

Ṣé o mọ ìdí tí ojú ọjọ́ fi máa ń móoru lójijì láàárín ọ̀gìnnìtìn? Atẹ́gùn Chinook ni. Ó ń ti Òkun Pàsífíìkì bọ̀, ó da omi rẹ̀ sílẹ̀ ní apá kejì òkè, bó sì ṣe ń sọ̀kalẹ̀ sápá tiwa ló ń gbẹ, ló ń gbóná. Ó lè fi ìwọ̀n 20 lórí òṣùwọ̀n Celsius gbé ooru sókè láàárín wákàtí díẹ̀.

Ṣé o mọ̀ pé èèyàn ni Deerfoot, tí wọ́n fi orúkọ rẹ̀ pe títì Deerfoot Trail? Eléré sísá ọmọ Siksika ni, òkìkí rẹ̀ sì kàn ní Calgary láàárín àwọn ọdún 1880. David Crowchild, tí wọ́n fi orúkọ rẹ̀ pe Crowchild Trail, jẹ́ olórí àwọn Tsuut'ina. Àwọn Stoney Nakoda ló ni orúkọ Stoney Trail. Ìlú wọn, Mînî Thnî, wà lójú ọ̀nà Banff. Orúkọ àwọn onílẹ̀ là ń pè nígbà gbogbo tí a bá ń lọ síbi iṣẹ́.

Ṣé o mọ̀ pé ohun tí ẹnì kan rí lọ́mọdé ló fi àlejò mọ̀nà? Samson Beaver, ọmọ Stoney Nakoda, bá bàbá rẹ̀ dé Adágún Maligne nígbà tó kéré. Ní 1907, ó ya máàpù ọ̀nà náà láti orí fún àlejò náà, Mary Schäffer. Máàpù yìí ni obìnrin náà tẹ̀ lé débẹ̀ ní 1908.

Ṣé o mọ̀ pé aláwọ̀ dúdú ní orúkọ lórí òkè yìí? Oko ẹrú ni wọ́n bí John Ware sí ní Amẹ́ríkà. Ó da màlúù wọ Alberta ní 1882, ó sì di gbajúmọ̀ darandaran. Nígbà tó kú ní 1905, èrò rẹpẹtẹ ló wá sìnkú rẹ̀ ní Calgary. Òkè kan tí wọ́n ti ń fi èébú aláwọ̀ dúdú pè tẹ́lẹ̀ ti di John Ware Ridge láti ọdún 1970.

Ṣé o mọ̀ pé omi gbígbóná ló bí páàkì Banff? Ní 1883, òṣìṣẹ́ rélùwéè mẹ́ta bá a nínú ihò àpáta, bẹ́ẹ̀ àwọn onílẹ̀ ti mọ̀ ọ́n tipẹ́. Ní 1885, ìjọba ya ilẹ̀ náà sọ́tọ̀, ibẹ̀ sì di páàkì orílẹ̀-èdè àkọ́kọ́ ní Kánádà. Lẹ́yìn náà ni wọ́n lé àwọn Stoney Nakoda kúrò nínú igbó tí wọ́n ti ń dọdẹ. Ìwà àìtọ́ ni, ó sì yẹ kí ẹni tó ń gbádùn páàkì náà mọ̀ ọ́n.

Ṣé o mọ̀ pé owó nìkan kò lè sọ ọ́ di ará ìlú Banff? Ìjọba àpapọ̀ ló ni ilẹ̀ ibẹ̀, àyálò ni. Ẹni tó bá níṣẹ́ tàbí òwò níbẹ̀, àti ìdílé rẹ̀, ni òfin gbà láyè láti máa gbé ibẹ̀. Àwọn ará ìlú náà tó bí 8,000. Àlejò páàkì náà lọ́dún kan ju mílíọ̀nù 4 lọ.

Ṣé o mọ ẹni tó la ọ̀nà Grassi Lakes ní Canmore? Lawrence Grassi ni, ará Ítálì tó dé Kánádà ní 1912. Ó ń wa èédú, ó sì tún ń fọwọ́ ara rẹ̀ la ọ̀nà ẹsẹ̀ fún gbogbo ayé. Ha Ling Peak tó wà nítòsí ń jẹ́ orúkọ alásè ọmọ Ṣáínà kan tó gùn ún ní 1896. Àjèjì tó wá wá oúnjẹ òòjọ́ ni àwọn méjèèjì, bíi tiwa.

Ṣé o mọ̀ pé abẹ́ òkun ni ọ̀pọ̀ òkúta òkè yìí wà rí? Ní 1909, Charles Walcott rí àwọn ẹ̀dá inú òkun tó ti di òkúta lórí òkè ní Burgess Shale. Ọjọ́ orí wọn lé ní ọdún mílíọ̀nù 500.

Ṣé o mọ̀ pé àwọn ẹranko ní afárá tiwọn? Ní Banff, afárá 6 ló gba orí títì, ihò 38 ló gba abẹ́ rẹ̀, kí béárì àti elk má baà kú sábẹ́ ọkọ̀.

Ṣé o mọ bí o ṣe gbọ́dọ̀ jìnnà sí wọn tó? Mítà 100 sí béárì àti ìkookò, mítà 30 sí elk àti àgbọ̀nrín. Mú agolo ata tí wọ́n ń fín sí béárì dání. Má fín in sára bí oògùn ẹ̀fọn o. Ojú béárì tó bá ń bọ̀ wá kọlù ọ́ ni wọ́n ń fín in sí.

Ṣé o mọ̀ pé àìní mọ́tò kò ní kí o má lọ? Bọ́ọ̀sì On-It máa ń ti Calgary lọ sí Banff nígbà ooru. Ọmọ tí kò tíì ju ọdún 17 lọ kì í san owó ìwọlé páàkì orílẹ̀-èdè. Ẹni tó ṣẹ̀ṣẹ̀ di ọmọ Kánádà sì lè wọlé lọ́fẹ̀ẹ́ fún ọdún kan nípasẹ̀ áàpù Canoo.

Nítorí náà, má fi òkè yìí mọ sí fọ́tò. Kó àwọn ọmọ rẹ, gbé omi àti aṣọ òtútù dání, sọ ibi tí o ń lọ fún ẹni tó kù nílé, kí o sì lọ fẹsẹ̀ ara rẹ tẹ̀ ẹ́. Bí o bá débẹ̀, dárúkọ àwọn tó ni ín fún àwọn ọmọ náà, kí àwọn náà lè mọ ilẹ̀ tí wọ́n ti ń dàgbà.