Òrìṣàbùnmi: Ọmọ Olla Tí Eré Sọ Lórúkọ

Folákẹ́ Àrẹ̀mú lorúkọ tí wọ́n ń pè é nílé, ṣùgbọ́n bí ènìyàn bá fi orúkọ yẹn béèrè rẹ̀ nígboro Ìlọrin, agbára káká ni wọn yóò fi dá a mọ̀. Bó bá lóun ń wí Òrìṣàbùnmi òṣèrébìnrin, ọ̀rọ̀ ti yanjú.

Olla, ìlú Ìgbómìnà kan ní ìjọba ìbílẹ̀ Ìsin, ìpínlẹ̀ Kwara, ni wọ́n ti bí i.

Abẹ́ Jímọ̀ọ́ Àlíù, olórí ẹgbẹ́ òṣèré tí wọ́n ń pè ní Àwòrò, ọmọ Òkèmẹ̀sí, ni òkìkí Òrìṣàbùnmi ti kàn. Ọ̀gá rẹ̀ ni, ọkọ rẹ̀ sì ni. Bẹ́ẹ̀ ló rí fún ọ̀pọ̀ òṣèrébìnrin ìgbà náà. Ní Cairo ní Íjíbítì, irú òṣèrébìnrin bíi Faten Hamama rí ilé iṣẹ́ fíìmù ńlá bá ṣiṣẹ́. Ọ̀kan nínú wọn, Studio Misr, ti wà níbẹ̀ láti 1935. Nílẹ̀ Yorùbá, ẹgbẹ́ alárìnjò ni ilé ẹ̀kọ́, òun náà nilé iṣẹ́: wọn a di aṣọ àti ìlù sínú mọ́tò, ó di ìlú kejì. Òbí kì í fẹ́ kí ọmọbìnrin wọn bá wọn lọ. Hubert Ògúndé, àgbà ọ̀gá eré alárìnjò, pàápàá fẹ́ àwọn òṣèrébìnrin rẹ̀, kí wọ́n má baà fi ẹgbẹ́ sílẹ̀.

Eré orí tẹlifíṣàn tí wọ́n pè ní "Arelu", láwọn ọdún 1980, ló gbé Òrìṣàbùnmi wọ ilé gbogbo, pẹ̀lú Àwòrò àti òṣèré mìíràn tí wọ́n ń pè ní Fádèyí Olóró. Ipa abọ̀rìṣà ni wọ́n mọ̀ ọ́n mọ́, ipa náà kì í sì í ṣe ọ̀rọ̀ ìlẹ̀kẹ̀ ọrùn lásán. Ọfọ̀ ló gbé e ró. Ẹni tó ń pọfọ̀ a kọ́kọ́ pe nǹkan lórúkọ, a sọ ìṣẹ̀dálẹ̀ rẹ̀, kó tó wá pàṣẹ fún un. Èémí kan ló máa ń fi gbé gbólóhùn mẹ́ta mẹ́rin, ohùn a sì máa le sí i bí àṣẹ ti ń súnmọ́lé. Bí ahọ́n bá kọ́ lẹ́ẹ̀kan péré, àgbàlagbà tó ń wòran á mọ̀, ìbẹ̀rù á sì pòórá lójú rẹ̀. Níbi tí kámẹ́rà kò ti lè dá ọgbọ́n kankan, ẹnu òṣèré nìkan ló kù. Ẹnu Òrìṣàbùnmi sì tó o.

Òun àti Àlíù pínyà nígbà tó yá, ṣùgbọ́n kò fi eré sílẹ̀. Ó bá fíìmù orí fídíò rìn dé ìgbà àgbà rẹ̀. Àlíù kú ní oṣù kẹsàn-án 2020. Kò pé oṣù mẹ́rin lẹ́yìn rẹ̀, ní ọjọ́ 5 oṣù kìíní 2021, tí Folákẹ́ Àrẹ̀mú náà fi ayé sílẹ̀ ní Ìbàdàn, ní ẹni ọgọ́ta ọdún. Òrìṣàbùnmi ni àwọn ìwé ìròyìn fi kéde rẹ̀.