Ta Ló Sọ Pé Labalábá Ni Vanessa?

Kò ṣòro láti rí àkójọ orúkọ tó máa sọ pé labalábá ni Vanessa ń jẹ́ lédè Gíríìkì. Ó dùn-ún gbọ́, àwọn òbí a sì gbà á bẹ́ẹ̀. Àmọ́ Jonathan Swift, òǹkọ̀wé ará Ireland, ló fọwọ́ ara rẹ̀ hun orúkọ náà. Ó gé "Van" lára Vanhomrigh, orúkọ ìdílé ọ̀rẹ́ rẹ̀ obìnrin kan tó ń jẹ́ Esther, ó sì fi "Essa", ìkékúrú Esther, tì í. Ewì tó ti lo orúkọ náà jáde lọ́dún 1726, ọdún mẹ́ta lẹ́yìn ikú obìnrin ọ̀hún. Labalábá wá ńkọ́? Ọdún 1807 ni Fabricius, onímọ̀ kòkòrò ará Denmark, ṣẹ̀ṣẹ̀ fi Vanessa pe ẹ̀yà labalábá kan. Orúkọ ti wà tipẹ́ kí labalábá tó jẹ ẹ́.

Ọdún ló tú àṣírí yẹn. Ẹni tó bá fẹ́ mọ̀ bóyá ìtumọ̀ kan jóòótọ́, kó béèrè ibi tí wọ́n ti kọ́kọ́ kọ orúkọ náà sílẹ̀ àti ìgbà tí wọ́n kọ ọ́, torí ńṣe ni ọ̀pọ̀ àkójọ orúkọ ń da ara wọn kọ.

Orúkọ Yorùbá ní wàhálà tirẹ̀, pàápàá tí wọ́n bá tẹ̀ ẹ́ láìsí àmì ohùn. "Ife" lè jẹ́ ìfẹ́, ó lè jẹ́ Ifẹ̀ tí í ṣe orírun, ó sì lè jẹ́ ife tí a fi ń mumi. "Ayo" lè jẹ́ ayọ̀, ó lè jẹ́ ayò ọlọ́pọ́n. (Kò tíì sí òbí tó fẹ́ kí tirẹ̀ jẹ́ ọmọ ayò.) Ìkékúrú tún dá kún un. Adékúnlé, Ọlákúnlé àti Ayọ̀kúnlé, Kúnlé ni gbogbo wọn. Ilé kún lóòótọ́, ṣùgbọ́n kí ló kún un? Àkójọ tó bá túmọ̀ Kúnlé sí "ọlá kún ilé" kàn ń méfò ni.

Lásísì ní tirẹ̀ jẹ́ Abdul-Azeez tí ahọ́n Yorùbá pè bó ṣe rọ̀ ọ́ lọ́rùn: ẹrú Ọba Alágbára, lédè Lárúbáwá. Ẹni tó bá ń wá "lá" àti "sísì" nínú rẹ̀ yóò pẹ́ níbẹ̀.

Ibi tó ṣe é fẹsẹ̀ lé wà. C. L. Adéoyè kọ odidi ìwé lórí orúkọ Yorùbá. Modupe Oduyoye tú ìhun àwọn orúkọ wa palẹ̀ nínú tirẹ̀ tó jáde lọ́dún 1972. Samuel Johnson sì ti to àmútọ̀runwá, àbísọ àti oríkì sọ́tọ̀ọ̀tọ̀ nínú ìwé ìtàn rẹ̀ tí wọ́n tẹ̀ lọ́dún 1921. Lórí íntánẹ́ẹ̀tì, YorubaName.com tí Kọ́lá Túbọ̀sún dá sílẹ̀ ń fi àmì ohùn sórí orúkọ.

Síbẹ̀, ìtumọ̀ lè pé kó má tó. Dúrójayé: dúró, kí o jẹ ayé. Ta ni kò ní fẹ́ irú rẹ̀ fọ́mọ? Ẹ̀bẹ̀ ni, tí wọ́n ń bẹ ọmọ tí wọ́n fura sí pé àbíkú ni, lẹ́yìn tí àwọn tó ṣáájú rẹ̀ ti kú. Agbo kan náà ni Kòsọ́kọ́ wà, orúkọ ọba tó jẹ l'Ékòó láti 1845 sí 1851: kò sí ọkọ́ tí a ó fi gbẹ́ sàréè mọ́. Tọkọtaya tó bá ṣa Dúrójayé nínú àkójọ nítorí adùn rẹ̀, tí wọ́n sì pè é síta níwájú àwọn àgbà níbi ìkómọjáde, kí wọ́n múra sílẹ̀ fún ẹni tó máa béèrè iye ọmọ tí wọ́n ti sin.