Ta Ló Ń Di Áńtẹ́nà Mú Nílé Yín?

Tó bá jẹ́ Abẹ́òkúta lẹ dàgbà sí, kí díìṣì tó kárí ilé, ẹ ó rántí igi ọparun ẹ̀gbẹ́ ilé tí áńtẹ́nà wà lórí rẹ̀. Ẹ ó sì rántí ariwo rẹ̀:

"Ṣé ó ti mọ́?"

"Ó kù díẹ̀!"

"Ó ti mọ́! Má gbọwọ́ kúrò o!"

Kí ló dé tá a fi jìyà tó bẹ́ẹ̀ nítorí Papa Ajasco?

Ìgbì tí ilé iṣẹ́ tẹlifíṣọ̀n ń tàn jáde máa ń lọ tààrà, bí ìmọ́lẹ̀ tọ́ọ̀ṣì. Òkè àti àpáta máa ń dí i lọ́nà. Abẹ́òkúta ńkọ́? Abẹ́ Òkúta Olúmọ ni wọ́n tẹ ìlú dó sí ní 1830. Irú àpáta tó gba àwọn baba ńlá wa lọ́wọ́ ogun náà ló ń gbà wá lọ́wọ́ Papa Ajasco.

Ìgbì míì á tún kọ́kọ́ lu àpáta tàbí páànù, á ta padà, á wá pẹ́ kó tó dé. Tẹlifíṣọ̀n á ya èyí tó tètè dé, á tún ya èyí tó pẹ́ dé. Ìdí nìyẹn tí orí pípá Papa Ajasco fi ń di méjì.

Ara èèyàn pàápàá máa ń yí bí ìgbì ṣe ń wọ áńtẹ́nà padà. Ìyẹn ni àwòrán ṣe ń mọ́ tẹ́nì kan bá di igi náà mú, tó sì ń bàjẹ́ tó bá fi í sílẹ̀.

Torí náà, ẹnì kan gbọ́dọ̀ wà níta. Nílé tiwa, ẹ̀gbọ́n mi ọkùnrin ni. Ojú fèrèsé ló ti ń gbọ́ eré. Tá a bá bú sẹ́rìn-ín, á pariwo pé, "Kí ni Boy Alinco ṣe?" Ẹ̀rín ò ní jẹ́ ká dá a lóhùn.

Lónìí, fóònù kálukú wà lọ́wọ́ kálukú. Kò sẹ́ni tó ń dúró níta nítorí ẹnì kankan mọ́, kò sì sẹ́ni tá a jọ ń rẹ́rìn-ín.

Papa Ajasco wà lórí YouTube. Lọ́sẹ̀ yìí, ẹ wá ẹni tó ń di áńtẹ́nà mú nílé yín lọ. Ẹ fún un ní àga tó dáa jù nínú pálọ̀. Ẹ̀yin lẹ ó ra dátà o.