Irú Tí A Ṣe Nílé

Ẹ̀yin ìyàwó ilé, bí ẹ bá ń gbé Kétu, Ìkòsí tàbí ibikíbi ní agbègbè Kòsọ́fẹ́, ẹ kò lè wá irú tì. Bí ẹ bá wọ ọjà Mile 12, tí ẹ kọjá àwọn apẹ̀rẹ̀ tòmátò àti ata tí ọkọ̀ ń kó wá láti Òkè-Ọya, òórùn irú fúnra rẹ̀ ni yóò fi ọ̀nà hàn yín. Irú wooro wà, irú pẹ̀tẹ̀ wà. Iye tí owó yín bá ká ni wọn yóò bù fún yín. Kí ni ó wá dé tí ẹnikẹ́ni yóò fi máa dá ara rẹ̀ lóró pé òun fẹ́ ṣe é nílé?

Èmi náà béèrè bẹ́ẹ̀ rí, títí di ọjọ́ tí baálé mi rún òkúta nínú ọbẹ̀ ẹ̀fọ́ tí mo sè, tí eyín rẹ̀ kan sì ṣẹ́. Kò bá mi jà. Ó kàn rọra ti àwo náà sẹ́yìn ni, èyí sì dùn mí ju ìjà lọ. Mo wá rántí pé nígbà tí mo wà lọ́mọdé, ìyá ìyá mi kì í ra irú lọ́jà, mo sì pinnu pé n ó gbìyànjú rẹ̀.

Igi irúgbá kì í hù nínú ẹrẹ̀ Èkó. Ilẹ̀ ọ̀dàn ni ó fẹ́: Òkè-Ògùn, Kwara, Niger, títí dé Kaduna. (Parkia ni àwọn onímọ̀ ewéko ń pè é, orúkọ tí Robert Brown fún un ní ọdún 1826 ní ìrántí Mungo Park, òyìnbó arìnrìn-àjò tí ó bá odò Ọya lọ ní Búsà, bí ẹni pé igi náà kò ti ní orúkọ lẹ́nu àwọn ìyá wa!) Nítorí náà, ẹ bẹ ìyá tí ẹ ń ra irú lọ́wọ́ rẹ̀ pé kí ó bá yín wá èso rẹ̀ gbígbẹ, kóńgò kan péré fún ìgbà àkọ́kọ́.

Ẹ ṣà á dáadáa, kí ẹ sì rẹ ẹ́ sínú omi mọ́jú. Ní òwúrọ̀, ẹ gbé e kaná. Ibí ni sùúrù ti ń tán, nítorí pé èèpo rẹ̀ le bí ìwo. Lórí iná igi, àwọn ìyá wa a máa sè é tó wákàtí 12, wọn a sì máa bomi sí i lóòrèkóòrè. Ìkòkò prẹ́ṣà ń dín àkókò yìí kù púpọ̀. Ẹ má wo aago. Ẹ mú ẹyọ kan, kí ẹ fi ìka méjì fún un. Bí èèpo rẹ̀ bá bọ́, ó ti tó.

Ẹ dà á sínú odó, kí ẹ gún un fẹ́rẹ́fẹ́rẹ́, kì í ṣe kí ó fọ́. Níhìn-ín ni àwọn kan ti ń da iyanrìn sí i kí èèpo lè tètè bọ́, ibẹ̀ sì ni òkúta ti ń wọ inú irú. Ẹ má ṣe é. Ọwọ́ àti omi tó. Ẹ fọ̀ ọ́ ní omi mẹ́rin, omi márùn-ún, títí èèpo yóò fi bá omi lọ tán. Lẹ́yìn èyí, ẹ tún sè é fún wákàtí kan sí méjì kí ó lè rọ̀. Bí irú pẹ̀tẹ̀ ni ẹ fẹ́, ìgbà yìí ni kí ẹ fi káún díẹ̀ sí i.

Ẹ sẹ́ ẹ, kí omi rẹ̀ ro tán. Bí ó ti gbóná lọ́wọ́ ni kí ẹ tẹ́ ẹ sínú igbá tàbí apẹ̀rẹ̀ tí ẹ ti fi ewé tẹ́. Ẹ fi ewé bò ó, ẹ fi aṣọ tí ó nípọn wé e, kí ẹ sì gbé e sí ibi tí ó móoru fún ọjọ́ 2 sí 3. Ẹ má ṣe dé e pa mọ́ inú ike, nítorí pé ó ń mí. Kòkòrò àìfojúrí kan tí à ń pè ní Bacillus subtilis ni ó ń ṣiṣẹ́ níbẹ̀. Sísè kì í pa á tán, ó sì wà lára ewé àti igbá pẹ̀lú. Òun náà ni àwọn ará Japan fi ń sọ ẹ̀wà sóyà di nattō, oúnjẹ tí ó ń yọ̀ tí ó sì ń fà gẹ́gẹ́ bí irú tiwa.

Ìgbà àkọ́kọ́ tí mo ṣe é, ọyẹ́ ni, mo sì gbé e sí abẹ́ fèrèsé. Ní ọjọ́ kẹta, ó tutù bí omi amù, ó sì ti bu. Mo dà á nù pẹ̀lú gbogbo gáàsì tí mo ti jó sí i. Ní ìgbà kejì, mo gbé e sínú kúlà àtijọ́ kan, mo sì ṣí ìdérí rẹ̀ sílẹ̀ díẹ̀. Nígbà tí mo fọwọ́ kàn án lọ́jọ́ kejì, ó ń gbóná fúnra rẹ̀ bí ara ọmọ tí ibà ń ṣe. Mo mọ̀ pé ó ti bọ́ sí i.

Irú tí ó dára a máa dúdú díẹ̀, a máa yọ̀, a máa fà bí òwú, òórùn rẹ̀ a sì máa ta ni nímú. Ṣùgbọ́n bí ẹ bá rí i pé ó bu, tí ó ní àwọ̀ ewé tàbí pupa, tàbí tí ó ń rùn bí òkú ẹran, ẹ má tọ́ ọ wò. Ẹ má sì sọ pé ẹ óò bu ojú rẹ̀ kúrò kí ẹ lè lo ìsàlẹ̀, pàápàá bí ọmọ kékeré bá wà nílé. Gbogbo rẹ̀ ni kí ẹ dànù.

Ẹ óò ṣàkíyèsí pé ọbẹ̀ tí irú wà nínú rẹ̀ a máa dùn bí ẹlẹ́ran bí ẹran kò tilẹ̀ pọ̀. Ní ọdún 1908, Kikunae Ikeda, ọ̀jọ̀gbọ́n ní Tókíò, yọ èròjà tí ń fa irú adùn bẹ́ẹ̀ láti ara ewé inú òkun, láti ibẹ̀ sì ni a ti rí Ajinomoto. Èròjà náà wà nínú irú, ó sì wà nínú màgí onígun pẹ̀lú. Iyọ̀ ni ìyàtọ̀: nínú ọ̀pọ̀lọpọ̀ màgí, iyọ̀ tó nǹkan bí ìdajì, tàbí kí ó jù bẹ́ẹ̀ lọ. Àjọ Ìlera Àgbáyé sì ní kí iyọ̀ tí àgbàlagbà ń jẹ lójúmọ́ má tó gíráàmù 5, èyí tí kò ju ṣíbí ìmutíì kan lọ. Ẹ̀yin tí ẹ̀jẹ̀ ríru wà nílé yín, ẹ ro èyí. Nínú irú tí ẹ ṣe, kìkì iyọ̀ tí ẹ bá fi ọwọ́ ara yín bù sí i ni ó wà níbẹ̀.

N kò ní tàn yín: bí ẹ bá ṣírò owó gáàsì, irú ọjà lè dínwó ju tiyín lọ. Ìdí nìyí tí àwa ìyàwó mẹ́rin ní àdúgbò mi fi ń dá owó jọ, tí a ń sè é pọ̀ lóṣù méjì-méjì, tí a sì ń pín in. Baálé mi sì ti padà sí ìdí ọbẹ̀ ẹ̀fọ́. Bí ó bá jẹ́ ilé olójúlé púpọ̀ ni ẹ ń gbé, ẹ sọ fún àwọn ará ilé kí òórùn tó bẹ̀rẹ̀. Mo mọ onílé kan tí ó gun òkè àjà lọ wá òkú eku. Ẹni tí ẹ̀rù ń bà lè fi ẹ̀wà sóyà bẹ̀rẹ̀; ó yára jinná, èèpo rẹ̀ sì rọrùn láti bó, bí ó tilẹ̀ jẹ́ pé ahọ́n àgbà yóò mọ̀ ọ́n yàtọ̀.

Nígbà tí irú bá ti dé ojú rẹ̀, ẹ po iyọ̀ díẹ̀ mọ́ ọn. Èyí tí ẹ fẹ́ gbẹ, ẹ sá a sórí atẹ mímọ́, kí ẹ sì fi àwọ̀n bò ó nítorí eṣinṣin. Èyí tí ẹ óò lò láàárín ọ̀sẹ̀ kan, ẹ fi í sí fìríìjì. Kí ẹ sì di ìyókù ní ìwọ̀n ọbẹ̀ kọ̀ọ̀kan sínú fírísà. Ọ̀rá méjì ni kí ẹ fi dì í o, bí bẹ́ẹ̀ kọ́, òórùn irú ni àwọn ọmọ yóò máa gbọ́ nínú omi tútù wọn.